Ìdánwò Idemudia: Ìwé Violence ti Festus Iyayi àti Ọ̀rọ̀ Àwọn Ajìjàgbara Ìbíní

Ọdún 1979 ni àwọn ológun gbé ìjọba Nàìjíríà lé àwọn alágbádá lọ́wọ́. Ìlù ń dún, àwọn olóṣèlú ń jó, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì ń retí pé ayé tuntun ti dé. Ní ọdún yìí kan náà ni ilé iṣẹ́ ìwé Longman tẹ ìwé ìtàn àròsọ kan jáde tí òǹkọ̀wé rẹ̀ kò bá wọn jó. Violence ni àkọlé ìwé náà. Festus Iyayi, ọmọ Ugbegun ní ilẹ̀ Esan, ni ó kọ ọ́. Ìlú Ìbíní, tí ó jẹ́ olú-ìlú Ìpínlẹ̀ Bendel nígbà náà, tí ó sì di olú-ìlú Ìpínlẹ̀ Edo láti 1991, ni ìbúdó ìtàn náà. Ṣùgbọ́n kì í ṣe Ìbíní tí àwọn àlejò ń wá wò ni. Ìtàn ààfin kọ́ ni, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ìtàn àwọn ère idẹ tí ayé fi mọ ìlú náà. Àwọn lébìrà tí ń dúró ní Iyaro láàárọ̀ kùtù, tí wọ́n ń retí ẹni tí yóò gbé wọn síṣẹ́ ojúmọ́, ni ó wà níbẹ̀, àti yàrá kan ṣoṣo ní òpópónà Owódé, níbi tí Idemudia àti Adisa ìyàwó rẹ̀ ń gbé. Ọmọ Yorùbá tí ó bá ka orúkọ òpópónà náà kò ní ṣàì rẹ́rìn-ín músẹ́. Owó dé lóòótọ́, ṣùgbọ́n kò yà ní yàrá Idemudia.

Àwọn kan ti ka ìwé yìí sí ìwé ìpolongo lásán. Wọ́n ní òǹkọ̀wé ti pinnu èrò rẹ̀ kí ó tó fi kálámù kan ìwé, pé olówó inú rẹ̀ burú láìkù síbì kan, pé tálákà inú rẹ̀ sì dára láìlábùkù. Òótọ́ díẹ̀ wà nínú ẹ̀sùn yìí, àyẹ̀wò rẹ̀ sì ń bọ̀ níwájú. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá dúró lórí ẹ̀sùn náà nìkan yóò pàdánù ohun tí ó ṣọ̀wọ́n jù nínú ìwé náà. Ìbéèrè ẹni tí ń jẹ tálákà níyà kọ́ ni ó gba òǹkọ̀wé lọ́kàn jù. Tọmọdé tàgbà ni ó ti mọ ìyẹn. Ìbéèrè rẹ̀ ni pé, ẹni tí ó dìde láti jà fún àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, kí ni kì í jẹ́ kí ó tà wọ́n nígbà tí ebi bá wọlé tọ̀ ọ́? Ìdáhùn tí ìtàn náà fúnni ni pé inú ilé, láàárín ọkọ àti aya, ni èrò rere ti ń yè tàbí tí ó ti ń kú, kí ó tó di ohun tí wọ́n ń kéde ní gbangba.

Àhunpọ̀ ìtàn náà kò díjú. Òjò ńlá ni ó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ebi sì wà nínú yàrá. Idemudia lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ díẹ̀ kí àìsí owó tó dá a dúró. Kò rí iṣẹ́ gidi ṣe. Nígbà mìíràn ẹ̀jẹ̀ ara rẹ̀ ni ó ń tà kí ilé tó jẹun. Ní ọjọ́ kan, obìnrin olówó kan tí wọ́n ń pè ní Queen wá kó òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti lọ já sìmẹ́ǹtì nínú ọkọ̀. Iṣẹ́ náà tóbi ju owó rẹ̀ lọ, ó sì dá Idemudia dùbúlẹ̀ sí ọsibítù. Ìwé owó ìtọ́jú dé, kò sí ẹni tí yóò san án. Obofun, ọkọ Queen, tí òun náà jẹ́ olówó, ti ń dẹ Adisa kiri. Adisa kọ́kọ́ kọ̀ fún un. Nígbà tí ó rí i pé kò sí ibòmíràn tí owó lè ti wá, ó gbà. Lẹ́yìn èyí ni Queen gba iṣẹ́ ilé kíkọ́ lọ́wọ́ ìjọba, tí Idemudia sì di ọ̀kan nínú àwọn lébìrà rẹ̀. Ìyà pọ̀ níbẹ̀, owó kéré. Àwọn òṣìṣẹ́ ń gbèrò láti da iṣẹ́ sílẹ̀, Idemudia sì di agbẹnusọ wọn.

Níhìn-ín ni ìtàn náà ti gbóná. Queen mọ̀ pé bí iṣẹ́ kò bá parí ní àsìkò, òun yóò jẹ gbèsè. Ó mọ̀ pẹ̀lú pé bí ọwọ́ òun bá ba Idemudia, ìpinnu àwọn yòókù yóò túká. Owó ni ó kọ́kọ́ fi lọ̀ ọ́. Idemudia kọ̀. Ó fi ara rẹ̀ lọ̀ ọ́. Idemudia tún kọ̀. Nígbà náà ni ó sọ òkò kẹta: ó jẹ́ kí ó mọ̀ pé Obofun ti bá ìyàwó rẹ̀ sùn.

Ó yẹ kí òǹkàwé kíyè sí bí òǹkọ̀wé ṣe to ìdánwò mẹ́ta yìí tẹ̀ lé ara wọn. Méjì àkọ́kọ́ jẹ́ ẹ̀bùn, ẹni tí wọ́n fi ẹ̀bùn lọ̀ sì lè kọ̀ ọ́. Ẹ̀kẹta kì í ṣe ẹ̀bùn rárá. Ohun tí Queen ń sọ fún ọkùnrin náà ni pé àwọn ti rà á tẹ́lẹ̀: owó Obofun ni ó gbé e dìde lórí ibùsùn ọsibítù, ẹ̀mí tí ó fi ń ṣe agogo àwọn òṣìṣẹ́ jẹ́ ẹ̀mí tí àwọn olówó san owó rẹ̀. Ọ̀pọ̀ àwọn tí ń jà fún mẹ̀kúnnù ni ó lè kọ àbẹ̀tẹ́lẹ̀. Àwọn tí ó lè dúró nígbà tí wọ́n bá fi hàn wọ́n pé àbẹ̀tẹ́lẹ̀ ti wọ ilé wọn láti ẹ̀yìnkùlé kò pọ̀. Kò sí ọgbọ́n ìsọ̀tàn tí ó jinlẹ̀ ju èyí lọ nínú gbogbo ìwé náà, kò sì jọ iṣẹ́ ẹni tí ń ṣe ìpolongo lásán.

Idemudia padà sílé pẹ̀lú ìbínú. Bí ó bá jẹ́ inú àwọn ìtàn kan ni, Adisa yóò kó ẹrù rẹ̀, ìjà àwọn òṣìṣẹ́ yóò sì parí sínú ìjà tọkọtaya. Iyayi kò gba ibẹ̀. Ó jẹ́ kí ọkùnrin náà rò ó títí ó fi rí i pé ohun tí Adisa ṣe àti ohun tí òun fúnra rẹ̀ ti ń ṣe kò yàtọ̀. Òun ta ẹ̀jẹ̀, Adisa ta ara. Ebi kan náà ni ó rán wọn lọ sí ọjà. Àwọn òǹkàwé kan pe èyí ní ìdáríjì. Ọ̀rọ̀ náà kò tó. Ẹni tí ń dárí jini dúró sí òkè, ẹni tí ó jẹ̀bi wà nísàlẹ̀. Ohun tí Idemudia ṣe ni pé ó sọ̀ kalẹ̀ láti òkè náà. Ó mọ ìyàwó rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí alábàáṣiṣẹ́ nínú ìyà, bí ó ti mọ àwọn tí wọ́n jọ já sìmẹ́ǹtì. Láti ìgbà yìí lọ, òkò Queen kò ní ibi tí yóò bà mọ́.

Ẹni tí ó bá ti ka Rẹ́rẹ́ Rún, eré onítàn tí Ọládẹ̀jọ Òkédìjí kọ ní 1973, yóò ti máa ronú kan Láwúwo láti ìṣẹ́jú yìí. Òun náà jẹ́ olórí òṣìṣẹ́, àwọn aláṣẹ ìlú kò sì rí ọ̀nà àti fi owó tẹ̀ ẹ́ ba. Ilé rẹ̀ náà ni ìparun gbà wọlé. Owó ẹgbẹ́ bọ́ mọ́ Mọrẹ́nikẹ́ ìyàwó rẹ̀ lọ́wọ́ sí ọwọ́ àwọn gbájúẹ̀, obìnrin náà kú, orí Láwúwo dàrú, agbára àwọn òṣìṣẹ́ sì fọ́. Àwọn àgbà ní bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kò lè ráyè wọ ibẹ̀. Òkédìjí àti Iyayi rí ihò kan náà lára ògiri kan náà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé èdè tí ẹnì kìíní fi kọ ìwé kì í ṣe ti ẹnì kejì.

Bí ọ̀rọ̀ bá jẹ́ ti iṣẹ́ ọnà nìkan, Rẹ́rẹ́ Rún ni yóò gbà á. Òwe, ẹ̀fẹ̀, àti ìjìnlẹ̀ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀ kò ṣeé fi wé gbólóhùn Iyayi, tí ó máa ń gbẹ nígbà mìíràn bí ìwé ìròyìn ìpàdé. Eré Òkédìjí bani nínú jẹ́ gan-an, nítorí pé òun kò tan ẹnikẹ́ni: ọ̀pọ̀ ìjà òṣìṣẹ́ ní ilẹ̀ yìí ni ó parí bí ti Láwúwo. Síbẹ̀ eré náà fi ìbéèrè kan sílẹ̀. Láwúwo dá nìkan ru ẹrù náà, nígbà tí ó wó, gbogbo rẹ̀ wó. Ikú ti mú Mọrẹ́nikẹ́ lọ kí tọkọtaya náà tó lè jókòó ti ọ̀ràn ara wọn. Ọjọ́ kejì ìjàm̀bá ni Òkédìjí kò kọ, ọjọ́ kejì yìí sì ni Iyayi kọ. Ó yẹ kí akẹ́kọ̀ọ́ tí ń ka ọ̀kan ka èkejì.

Àbùkù ìwé Iyayi pọ̀. Èkíní ni pé nígbà tí ọ̀rọ̀ bá kàn án lọ́kàn jù, ó máa ń gba ẹnu àwọn ẹ̀dá-ìtàn rẹ̀ sọ̀rọ̀. Eré kan wà nínú ìtàn náà tí wọ́n wá ṣe fún àwọn aláìsàn ní ọsibítù. Nínú eré náà, agbẹjọ́rò kan dìde ní ilé ẹjọ́, ó sì ṣàlàyé pé ipá tí ó burú jù kọ́ ni ti olè tí ó mú ọ̀bẹ dání. Ètò ìlú tí ó fi iṣẹ́, oúnjẹ àti ẹ̀kọ́ du ènìyàn ni ipá gan-an. Òye inú ọ̀rọ̀ náà tóbi, òun sì ni ó gbé àkọlé ìwé náà ró. Ṣùgbọ́n ta ni ń sọ̀rọ̀? Agbẹjọ́rò kọ́, ọ̀mọ̀wé tí ó kẹ́kọ̀ọ́ ètò ọrọ̀ ajé ní Kiev àti ní Bradford ni ó wọ ẹ̀wù agbẹjọ́rò. Àwọn aláìsàn tí ó yẹ kí ó wúyẹ́wúyẹ́, kí wọ́n rẹ́rìn-ín, kí wọ́n bá eré jiyàn gẹ́gẹ́ bí òǹwòran ilẹ̀ wa ti máa ń ṣe, jókòó jẹ́ẹ́ bí ọmọ kíláàsì.

Ọ̀ràn Queen ni èkejì, ó sì wúwo ju ti àkọ́kọ́ lọ. Obìnrin yìí mọ iṣẹ́, ó mọ ìṣirò, ó mọ ọ̀nà ilé iṣẹ́ ìjọba. Òǹkọ̀wé kò fún un ní ìyìn kankan fún èyí. Gbogbo ohun tí ó ní, orí ibùsùn ni ìtàn náà ti jẹ́ kí ó rí i, bẹ́ẹ̀ ni ojú tí ó fi wò ó kò jọ ojú tí ó fi wo Obofun, tí ìwà tirẹ̀ kò dára jù. Òǹkọ̀wé tí ó lóye Adisa tó bẹ́ẹ̀ kò yẹ kí ó ṣi Queen wò tó bẹ́ẹ̀. Bí Queen bá ti jẹ́ ènìyàn pípé, tí ó sì ní ìbẹ̀rù tirẹ̀, ìdánwò tí ó gbé ka iwájú Idemudia ìbá tún lágbára sí i.

Àbùkù kẹta kò pẹ́ẹ́ sọ. Ìwé náà parí kí òǹkàwé tó rí ibi tí ìjà owó iṣẹ́ náà já sí. Àwọn kan ní èyí jẹ́ ọgbọ́n. Ó lè jẹ́ ọgbọ́n, ó sì lè jẹ́ pé òǹkọ̀wé kò mọ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ̀sẹ̀ kẹta ìyanṣẹ́lódì, nígbà tí gààrí bá tán nílé, tí àwọn tí ó pariwo jù lọ ní ọjọ́ kìíní bá bẹ̀rẹ̀ sí í yọ́ lọ síbi iṣẹ́ ní òru.

Ọ̀sẹ̀ kẹta yìí kì í ṣe ohun àjèjì ní agbègbè tí Iyayi ti wá. Ní Ora, tí ó wà ní Ìpínlẹ̀ Edo, ni wọ́n ti bí Michael Imoudu ní 1902, ẹni tí ó di olórí àwọn òṣìṣẹ́ rélùwéè. Ní 1943, ìjọba àwọn Gẹ̀ẹ́sì mú un kúrò ní Èkó, wọ́n sì há a mọ́ Auchi. Ó padà ní 1945, ní ọdún tí ìyanṣẹ́lódì ńlá ṣẹlẹ̀ káàkiri Nàìjíríà. Ọjà ti gbówó lórí nítorí ogun Hitler, owó oṣù sì dúró sójú kan. Ìyanṣẹ́lódì náà ju oṣù kan lọ. Àwọn obìnrin ọjà Èkó ti àwọn òṣìṣẹ́ lẹ́yìn, ó sì ṣòro láti rò pé ẹnikẹ́ni lè dúró tó bẹ́ẹ̀ láìsí wọn. Ọwọ́ tí ń bu oúnjẹ ni ó ń pinnu bí ìjà yóò ti pẹ́ tó, gẹ́gẹ́ bí ó ti rí ní yàrá Adisa. Hubert Ogunde kò jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà tutù kí ó tó fi ṣe eré. Strike and Hunger ni ó pe eré náà, ó sì kó o lọ sí Jos ní 1946, níbi tí àwọn aláṣẹ ti fòfin dè é. Àkọlé náà fúnra rẹ̀ ti so ìyanṣẹ́lódì mọ́ ebi. Nítorí náà, ẹni tí ó bá sọ pé lítíréṣọ̀ tí ń gbè sẹ́yìn òṣìṣẹ́ jẹ́ ohun tí àwọn ọ̀mọ̀wé kó wá láti òkè òkun ti gbàgbé Ogunde.

Imoudu dàgbà ju ọgọ́rùn-ún ọdún lọ. Ìjọba ológun ti 1975 sí 1979 kà á léèwọ̀ pé kò gbọdọ̀ dá sí ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ mọ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ ilé-ẹ̀kọ́ ìjọba tí ó wà fún ìmọ̀ ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ ní Ìlọrin. Ó kú ní 2005. Ìjọba tí ó bá fòfin de ènìyàn lónìí lè kọ orúkọ rẹ̀ sára ògiri lọ́la, bí ohùn rẹ̀ bá ti rọlẹ̀.

Nínú àwọn ìwé tí Iyayi kọ lẹ́yìn Violence, ọ̀rọ̀ bí èrò ṣe ń yí padà ni ó túbọ̀ gbà á lọ́kàn. The Contract, tí ó jáde ní 1982, dá lórí Ogie Obala, tí ó ti òkè òkun dé pẹ̀lú ìlérí pé òun kò ní jẹ rìbá. Kò pẹ́ tí ó fi ń gbà á. Àwáwí rẹ̀ ni pé òun kò ní kó owó náà lọ sí ilẹ̀ òkèèrè bí àwọn yòókù, pé ilé ni òun yóò ti ná an kí ìlú lè jàǹfààní rẹ̀. Ìwé náà kò tó Violence, ṣùgbọ́n àwáwí yẹn jẹ́ ohun tí ó yẹ kí gbogbo ènìyàn mọ̀ dunjú, nítorí pé kì í ṣe inú ìwé nìkan ni ó wà. Ohùn ẹni tí ó ṣì gbà pé òun kò tíì yí padà ni.

Heroes, tí ó jáde ní 1986, padà sí ogun abẹ́lé. Osime Iyere, oníwèé ìròyìn, fi gbogbo ọkàn gbàgbọ́ nínú àwọn ọmọ ogun ìjọba àpapọ̀ títí ó fi rí ohun tí wọ́n ṣe sí àwọn aláìmọwọ́-mẹsẹ̀. Kò wá tìtorí èyí sá lọ bá ìhà kejì. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ronú kan ẹgbẹ́ ogun kẹta, ti àwọn ọmọ ogun kéékèèké, àgbẹ̀ àti òṣìṣẹ́ ìhà méjèèjì, tí yóò kọjú ìjà sí àwọn ọ̀gágun àti olóṣèlú tí ó rán wọn lọ kú. Èrò ńlá ni, ó sì wuyì létí. Ìṣòro rẹ̀ ni pé orí Osime àti ẹnu rẹ̀ nìkan ni ẹgbẹ́ ogun náà wà. Kò ní ilé. Kò ní Adisa. Ìwé yìí ni ó gba ẹ̀bùn àwọn òǹkọ̀wé orílẹ̀-èdè Commonwealth ní 1988, ó sì ṣe ìṣe ọnà ju Violence lọ lóòótọ́. Síbẹ̀, bí ó bá jẹ́ ti ohun tí ènìyàn lè fi gbé ẹ̀mí ara rẹ̀ ró nígbà tí ayé bá yí, yàrá òpópónà Owódé lágbára ju ẹgbẹ́ ogun kẹta lọ.

Ayé sì yí lójú òǹkọ̀wé náà. Ọdún 1986 tí Heroes jáde ni ètò ọrọ̀ ajé tí gbogbo ènìyàn mọ̀ sí SAP bẹ̀rẹ̀, òun náà ni ọdún tí Iyayi, tí ó ń kọ́ ẹ̀kọ́ nípa ìṣàkóso okòwò ní Yunifásítì Ìbíní, di ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn olùkọ́ yunifásítì, ASUU. Ní 1988, ìjọba ológun fòfin de ẹgbẹ́ náà, wọ́n sì ti ààrẹ rẹ̀ mọ́lé. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1989, ìgboro Ìbíní gbiná nítorí SAP, ìfẹ̀hónúhàn náà sì ràn dé àwọn ìlú mìíràn. Ìwé ìtàn àròsọ kọ́ ni èyí mọ́; àwọn ọmọ òpópónà Owódé ni ó jáde.

Ní 1991 ni Soviet Union, níbi tí Iyayi ti kẹ́kọ̀ọ́, túká. Ọ̀pọ̀ àwọn tí ó ti ń fi orúkọ rẹ̀ búra ni ó wá ọ̀rọ̀ mìíràn sọ. Àwọn alágbádá tún gbàjọba ní 1999, ọ̀nà mìíràn sì ṣí sílẹ̀ fún àwọn tí ó ti ń jà. Adams Oshiomhole, ọmọ Iyamho tí ó ti inú ẹgbẹ́ àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ aṣọ jáde, ṣe ààrẹ àjọ ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ Nàìjíríà, NLC, láti 1999 títí di 2007. Ó di gómìnà Ìpínlẹ̀ Edo ní 2008, ó sì wà níbẹ̀ títí di 2016. Olórí òṣìṣẹ́ tí ó jókòó sí ibi tí ìwé owó iṣẹ́ ti ń jáde kò sí nínú ìwé Iyayi kankan nínú mẹ́ta tí a yẹ̀ wò yìí. Àlàfo ńlá ni fún òǹkọ̀wé tí ó bá fẹ́ kọ nípa Ìbíní lóde òní, nítorí pé kò ní rọrùn láti fi Queen ṣe àpèjúwe irú ẹni bẹ́ẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni kò ní rọrùn láti fi Idemudia ṣe é.

Iyayi ní tirẹ̀ kò kúrò nínú ẹgbẹ́. Ní 2013, tí àwọn olùkọ́ yunifásítì da iṣẹ́ sílẹ̀ láti oṣù keje títí di oṣù kejìlá, ó ti di ọ̀jọ̀gbọ́n, ó sì ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Ìpàdé ẹgbẹ́ ni ó ń lọ ní Kano ní ọjọ́ kejìlá oṣù kọkànlá, nígbà tí ìjàm̀bá ọkọ̀ pa á ní tòsí Lọ́kọ́ja. Ẹni tí ó bá mọ ìpàdé ẹgbẹ́ mọ̀ pé kò sí ohun ìwúrí kan nínú rẹ̀: àga líle, àlàyé gígùn, àkọsílẹ̀ ìpàdé àná tí wọ́n ń kà lójú oorun. Nínú ìwé rẹ̀, Iyayi kò kọ irú ọ̀sẹ̀ kẹta bẹ́ẹ̀. Ó gbé inú rẹ̀ fún nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún.

Ó ku ọ̀rọ̀ èdè. Gẹ̀ẹ́sì ni Iyayi fi kọ ìwé nípa àwọn tí kò lè ka Gẹ̀ẹ́sì, tàbí tí agbára wọn kò ká owó ìwé. Ní Iyaro, èdè Ẹ̀dó, Esan, Yorùbá àti Gẹ̀ẹ́sì àdàmọ̀dì ni ènìyàn yóò gbọ́, ṣùgbọ́n Gẹ̀ẹ́sì kíláàsì ni àwọn lébìrà inú ìwé náà ń sọ, ìyẹn sì wà lára ohun tí ó mú kí ọ̀rọ̀ wọn gbẹ. Láwúwo kò ní ìṣòro yìí, nítorí pé èdè àwọn tí ó ń ṣojú fún ni ó ń sọ. Bí Violence bá máa dé ọ̀dọ̀ ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ girama ní Ìwó tàbí ní Sakí, tí ó sì máa jókòó ti Rẹ́rẹ́ Rún lórí tábìlì kan náà, ìtumọ̀ ni yóò gbé e débẹ̀, iṣẹ́ tí ó sì yẹ ẹ̀ka ẹ̀kọ́ Yorùbá ni.

Àkọlé rẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ dá olùtúmọ̀ dúró. Ìwà ipá ni ọ̀rọ̀ tí ó wà nílẹ̀, ṣùgbọ́n létí Yorùbá, ẹni tí ó hu ìwà ipá gbọ́dọ̀ ní ọwọ́ tí ó nà, igi tí ó mú, ilẹ̀kùn tí ó fọ́. Ipá tí Iyayi ń sọ kò ní ọwọ́. Ìyà sọ ti ẹni tí ń jẹ ẹ́, kò sọ ti ẹni tí ó fi jẹ ẹ́. Ìrẹ́jẹ fúyẹ́, ó jọ ọ̀rọ̀ òṣùwọ̀n ọjà. Ìnilára súnmọ́ ọn, ṣùgbọ́n ẹnu oníwàásù ti lò ó títí ó fi kú ní mímú. Ó lè jẹ́ pé kí olùtúmọ̀ fi Ìwà Ipá síbẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni ó dára jù, kí òǹkàwé ṣí ìwé náà pẹ̀lú ìrètí àdá àti ìbọn, kí ó sì bá òjò, àpò sìmẹ́ǹtì, àti ìwé owó ọsibítù pàdé níbẹ̀.